GIMP 3 lórí Windows: inú fódà bin ni iṣẹ́ wà

Pé ọ̀fẹ́ ni GIMP, ètò tí a fi ń tún fọ́tò ṣe, ìyẹn kì í ṣe ìròyìn mọ́. Àwọn fáìlì tí kò sẹ́ni tó ń wò ni mo fẹ́ yẹ̀ wò, ìyẹn àwọn DLL, àkójọ kóòdù tí ètò máa ń pè láti bá a ṣiṣẹ́. Ẹ ṣí fódà tí GIMP 3 wà lórí kọ̀ǹpútà yín, kí ẹ wọ bin. Wọ́n wà níbẹ̀ rẹpẹtẹ, orúkọ wọn sì jọ ọfọ̀: libbabl, libgegl, liblcms2, libheif. Àwọn ló ń ṣe iṣẹ́ tó le jù. GIMP ń pín in fún wọn ni.

Fọ́tò ìgbéyàwó ni mò ń tún ṣe n'Íbàdàn. Ẹbí ìyàwó á fi iPhone ya tiwọn kún un, wọ́n á fi ránṣẹ́, HEIC, irú fáìlì tí iPhone fi ń pa fọ́tò mọ́, ni yóò jẹ́. libheif ló ń bá GIMP ṣí i, láti ẹ̀yà 2.10.2 tó jáde ní 2018, kò sí pé a ń kọ́kọ́ sọ ọ́ di JPEG.

Ààyò mi ni liblcms2, tí wọ́n ń pè ní Little CMS. Òun ló ń mú kí àwọ̀ tó wà lójú kọ̀ǹpútà bá ti orí bébà mu. Ẹni tó bá ti tẹ fọ́tò ìyàwó tó wọ àlàárì rí, tí àwọ̀ bíríkì wá jáde, á mọ ìdí tí mo fi ń yìn ín. Ẹ gba fáìlì ICC, tó ń sọ bí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé wọn ṣe ń gbé àwọ̀ jáde, lọ́wọ́ ilé ìtẹ̀wé yín, ẹ fi han GIMP, ẹ ó rí bí àwọ̀ náà yóò ṣe jáde kí ẹ tó náwó sí bébà. Àbùkù kan ṣì wà: GIMP 3.0 ti oṣù kẹta 2025 lè fi JPEG tàbí TIFF pamọ́ ní CMYK, ìlànà àwọ̀ mẹ́rin tí ilé ìtẹ̀wé ń lò, àmọ́ ẹ ò lè ṣiṣẹ́ nínú CMYK gan-an. Máàkì kan ni mo yọ níbẹ̀. Mẹ́rin nínú márùn-ún ló kù fún GIMP.

GEGL, ìyẹn libgegl, ni tàwọn fílítà tó ń yí ìrísí fọ́tò padà. Látorí 3.0, ẹ lè dán ojú ìyàwó lónìí, kí ẹ padà wá dín in kù lọ́la, fọ́tò abẹ́ rẹ̀ ò yí padà. (Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dín in kù.)

liblcms2 yìí, darktable tí a fi ń tún fọ́tò ṣe ń lò ó, Krita tí a fi ń ya àwòrán náà ń lò ó. Lórí Linux, ẹ̀dà kan ni gbogbo wọn sábà máa ń jọ lò. Lórí Windows, kálukú ló ń gbé tirẹ̀ wá. Ó ń jẹ àyè, àmọ́ ọ̀kan kì í ba ti èkejì jẹ́. Ibi tó ti ń dunni ni ọ̀rọ̀ ààbò. Nígbà tí wọ́n rí ihò ńlá nínú libwebp, tó ń ṣí fọ́tò WebP, ní oṣù kẹsàn-án 2023, ètò kọ̀ọ̀kan tó gbé ẹ̀dà tirẹ̀ dání ni àwọn tó ni ín ní láti tún ṣe lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Nítorí náà, ẹ má fi ẹ̀yà àtijọ́ sílẹ̀ lórí ẹ̀rọ.

Bí kọ̀ǹpútà bá ní DLL kan sọnù, ẹ má wá a lọ sórí àwọn ìtàkùn tó ń pín DLL ẹyọ kọ̀ọ̀kan. Ọmọọṣẹ́ ọ̀rẹ́ mi kan gba ọ̀kan níbẹ̀, ìpolówó burúkú ló gba ojú kọ̀ǹpútà wọn kan. VCRUNTIME140.dll, DLL kan tí ọ̀pọ̀ ètò orí Windows ń lò, wà lọ́dọ̀ Microsoft lọ́fẹ̀ẹ́, nínú Visual C++ Redistributable. Bó bá jẹ́ ti GIMP ló sọnù, odindi ètò náà ni kí ẹ tún gbà ní gimp.org, kí ẹ fi lé èyí tó wà nílẹ̀ lórí.