Fíìmù Kúkúrú Lórí Àwọn Tí Ọwọ́ Wọn Kò Ká Ara Wọn

Fíìmù kúkúrú tí wọ́n fi hàn ní gbọ̀ngàn kan ní Òkèṣà, ní Adó-Èkìtì, dá lórí ènìyàn mẹ́ta tí ọkàn wọn ń tì wọ́n sí ohun tí àwọn fúnra wọn kò fẹ́ ṣe. Èyí tí ó wú mi lórí jù ni ti ìyá olùkọ́ tí ó ti fẹ̀yìn tì, tí ó ń jí bọ́tìnì àti ṣíbí ní Ọjà Ọba nígbà tí owó wà lọ́wọ́ rẹ̀. Kámẹ́rà dúró sí ìka rẹ̀ tí ó ń gbọ̀n títí bọ́tìnì náà fi wọ àpò, tí ìyá náà sì mí kanlẹ̀ kí ìtìjú tó bò ó. Bí àìsàn tí ń mú ènìyàn jalè láìfẹ́ ṣe ń ṣe ènìyàn gan-an nìyẹn; kì í ṣe èrè ni ó ń wá. Wọ́n sáré kọjá lórí ọmọbìnrin tí ó ń fa irun orí rẹ̀ tu. Ti ọ̀dọ́kùnrin atatẹ́tẹ́ ni n kò fara mọ́: láti ọdún 2013 ni àwọn oníṣègùn ọpọlọ Amẹ́ríkà ti ka irú tẹ́tẹ́ bẹ́ẹ̀ pọ̀ mọ́ bárakú ọtí àti oògùn, síbẹ̀ àdúrà wòlíì kan ṣoṣo ni wọ́n fi parí ọ̀rọ̀ rẹ̀, wọn kò mẹ́nu ba oníṣègùn rárá. Ẹ̀ka èdè Èkìtì tí wọ́n sọ dùn létí, bí orin tilẹ̀ ń bo ohùn mọ́lẹ̀ níbì kan. Nítorí ìyá olùkọ́ yẹn nìkan, ẹ lọ wò ó.