Ojúlé OpenWrt: ibi tí a ti lè yẹ fáìlì rọ́tà wò kí a tó lò ó

Ohun tí ó wù mí jù ní ojúlé tí OpenWrt, ìyẹn ètò tí a ń fi sínú rọ́tà (ẹ̀rọ tí ń pín íńtánẹ́ẹ̀tì), ti ń pín fáìlì rọ́tà lọ́fẹ̀ẹ́ ni pé wọn kò ní kí a kàn gbà wọ́n gbọ́ lásán. Fáìlì kan tí ó ń jẹ́ sha256sums wà níbẹ̀, tí ó to àmì 64, tí a ṣírò láti inú fáìlì fúnra rẹ̀, sí iwájú orúkọ fáìlì kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí nẹ́tíwọ̀kì já mọ́ mi lọ́wọ́ lọ́sẹ̀ tó kọjá, fáìlì tí mo gbà jọ èyí tó pé, ṣùgbọ́n bí mo ti tẹ sha256sum -c, àṣẹ tí ń wo bóyá fáìlì bá àmì rẹ̀ mu, FAILED (kò bá a mu) ni ó kọ sí mi lójú. Mo tún un gbà, ó sì di OK.

Ẹ má dúró síbẹ̀ o, nítorí ẹni tí ó bá lè pààrọ̀ fáìlì lórí sáfà lè pààrọ̀ àmì náà pẹ̀lú. Ìbuwọ́lù tó wà nínú sha256sums.asc, tí à ń fi gpg (ètò tí ń yẹ ìbuwọ́lù orí kọ̀ǹpútà wò) yẹ̀ wò, ni kò rọrùn láti yí. Àlàyé tí wọ́n ṣe lórí èyí ṣókí jù fún ẹni tí kò ṣe é rí, ibẹ̀ ni mo ti yọ máàkì wọn.