Monticello tàbí Poplar Forest: èwo nínú ilé Jefferson ni kí ẹ lọ wò?

Virginia, ní Amẹ́ríkà, ni ilé méjèèjì ti Thomas Jefferson, ààrẹ kẹta ilẹ̀ náà, wà. Monticello, lórí òkè nítòsí Charlottesville, ni gbogbo ayé mọ̀. Àwòrán rẹ̀ wà lára owó ẹyọ sẹ́ńtì márùn-ún Amẹ́ríkà, UNESCO sì ti kà á mọ́ àwọn ohun àjogúnbá ayé láti 1987. Ibẹ̀ náà ni sàréè Thomas Jefferson wà. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá bi mí, ẹ má jẹ́ kí ilé ńlá yẹn gba gbogbo àkókò yín. Mulberry Row, ojú ọ̀nà kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé náà, ni kí ẹ lọ, níbi tí àwọn ẹrú ti ń rọ irin, tí wọ́n ń gbẹ́ igi. Jefferson, ọkùnrin tó kọ ọ́ nínú Ìkéde Òmìnira Amẹ́ríkà pé ọgbọọgba ni a dá gbogbo ènìyàn (ẹ wo ọ̀rọ̀!) ní ẹrú tó lé ní 600 láyé rẹ̀. Láti 2018 sì ni yàrá kan ti wà ní Monticello tí wọ́n ti ń sọ ìtàn Sally Hemings, ẹrú tó bímọ fún un.

Poplar Forest, nítòsí Lynchburg, ni Jefferson máa ń sá lọ nígbà tí àlejò bá pọ̀ jù. Ilé onígun mẹ́jọ ni, 1806 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Yàrá ìjẹun wà láàárín gbùngbùn, ìmọ́lẹ̀ ń gba òkè àjà wọlé. John Hemmings, ẹrú tó jẹ́ àgbà gbẹ́nàgbẹ́nà, ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Iná jó ilé náà ní 1845, ṣùgbọ́n wọ́n ti tún un ṣe.

Ẹni tó fẹ́ràn ilé kíkọ́, kó lọ sí Poplar Forest. Ẹni tó ní ọjọ́ kan péré, Monticello ni.