Lọ́ọ́yà tó bá mi fi rìsíìtì lásán gba ilé Akóbọ̀ ní kóòtù: ìràwọ̀ 4 nínú 5

Ọ̀pọ̀ ti ń bi mí bóyá lọ́ọ́yà tí mo gbà fún ẹjọ́ ilé tó owó tó gbà. Ó tó o, bó tilẹ̀ jẹ́ pé díẹ̀ ló kù kó fi àìgbé-fóònù pa mí. Mi ò ní dárúkọ rẹ̀ níbí, ẹjọ́ ò tíì kásẹ̀ nílẹ̀ pátápátá.

Ní 2019, bàbá kan ta ilé tí wọn ò tíì kọ́ parí fún mi ní Akóbọ̀, n'Ibadan, ní mílíọ̀nù 8 náírà. Mo san mílíọ̀nù 5, ó kọ rìsíìtì, ó kó kọ́kọ́rọ́ lé mi lọ́wọ́, ó ní tí mo bá san ìyókù, a ó jọ tọwọ́ bọ̀wé. Ìgbà tí mo fi máa mú ìyókù dé, ilẹ̀ àdúgbò ti gbówó lórí. Bàbá yí ohùn padà, ó ní kí n wá gba owó mi, pé ṣe ni òun yá a lọ́wọ́ mi. Yá kẹ̀!

Lọ́ọ́yà tí mo kọ́kọ́ lọ bá ní kí n gba owó mi kí n máa lọ jẹ́ẹ́jẹ́. Eléyìí ò sọ bẹ́ẹ̀. Ó tẹ́ rìsíìtì sórí tábìlì, ó mú bírò, ó ń tọ́ka sí i lọ́kọ̀ọ̀kan. Ta ló tà? Ó wà níbẹ̀. Ta ló rà? Ó wà níbẹ̀. Kí ni wọ́n tà? “Ilé mi ní Akóbọ̀.” Ó ní ibo l'Akóbọ̀? Èló ni gbogbo owó rẹ̀? Kò sí níbẹ̀ rárá, “owó àkọ́kọ́, mílíọ̀nù 5” ni bàbá kọ. Ó wá ṣàlàyé fún mi pé òfin kan wà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ti ṣe láti 1677, tí ìlànà rẹ̀ ṣì wà nínú òfin ilẹ̀ wa títí dòní: ẹni tí wọ́n bá fẹ́ fi títa ilẹ̀ dè gbọ́dọ̀ ti fọwọ́ sí nǹkan. Kò pọn dandan kó jẹ́ ìwé àdéhùn ńlá; rìsíìtì lè ṣe é, tí orúkọ, ilẹ̀ àti iye owó bá ti hàn. Ibi tí ìwé bá kù sí, kóòtù á wo ohun tí olùtà ti jẹ́ kí olùrà ṣe lórí ilẹ̀ nítorí àdéhùn náà.

“Mà, owó nìkan ò tó,” ló wí. “Wọ́n á ní gbèsè ni. Ta ló mọ̀ pé bàbá ló fún yín ní kọ́kọ́rọ́?”

Bíríkìlà tó mọ fẹ́ǹsì fún mi mọ̀. Bàbá fúnra rẹ̀ ló mú un yí ilẹ̀ náà ká, tó fi òpó sọ́féè hàn án. Lójú tèmi, ẹ̀rí ọkùnrin yìí ló gba ilé náà. Lọ́ọ́yà ẹ̀gbẹ́ kejì bi í bóyá mo sanwó fún un kó tó wá. Ó ní, “Owó fẹ́ǹsì ni wọ́n san fún mi. Bàbá yìí ló sọ ibi tí n mọ ọ́n dé.” Kóòtù ru sẹ́rìn-ín.

Ti iye owó, orí WhatsApp ni wọ́n ti rí i. Bàbá ti fi ohùn ránṣẹ́ pé kí “mílíọ̀nù 3 tó kù nínú 8 yẹn” tètè wọlé. Lọ́ọ́yà ní n ò gbọdọ̀ pa á rẹ́, n ò sì gbọdọ̀ ta fóònù náà. Wọ́n kọ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ sílẹ̀, wọ́n túmọ̀ rẹ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì, mo sì fọwọ́ sí ìwé ẹ̀rí tí abala 84 òfin ẹ̀rí ti 2011 ń béèrè, pé fóònù náà ń ṣiṣẹ́ bó ṣe yẹ. Ẹ̀gbẹ́ kejì fò dìde láti takò ó, adájọ́ gbà á wọlé.

Ohun tí n ò rò tẹ́lẹ̀ ni pé mo ní láti fi hàn pé ìyókù owó wà nílẹ̀. Ẹni tó ní kí kóòtù fi dandan mú olùtà gbọ́dọ̀ ti ṣe tán láti san tirẹ̀. Lọ́ọ́yà ti kọ lẹ́tà sí bàbá ṣáájú ẹjọ́ pé kó wá gbowó, ó sì so ìwé àkáǹtì mi mọ́ ọn. Ẹ̀gbẹ́ kejì tún gbé ti gómìnà dìde, pé kò sí ìyọ̀ǹda rẹ̀ fún títa ilẹ̀ náà gẹ́gẹ́ bí òfin ilẹ̀ (Land Use Act) ti 1978 ṣe là á sílẹ̀, nítorí náà títà ò sí. Lọ́ọ́yà fi ẹjọ́ Awojugbagbe àti Chinukwe dá wọn lóhùn, èyí tí Kóòtù Gíga Jùlọ dá ní 1995: èèyàn lè kọ́kọ́ ṣàdéhùn, kó tó wá ìyọ̀ǹda.

Ibi tó ti pàdánù ìràwọ̀ kan nìyí. Kì í gbé ìpè. Nígbà míì, ọmọ iṣẹ́ rẹ̀ tí ò ka fáìlì ló máa rán wá. Ó ń gba owó ìfarahàn, ìyẹn owó wíwá sí kóòtù, lọ́jọ́ tí adájọ́ ò tilẹ̀ jókòó, mi ò rí ìdí rẹ̀ títí di bí mo ṣe ń kọ èyí. Àmọ́ nígbà tí òṣìṣẹ́ kóòtù daṣẹ́ sílẹ̀ ní 2021, tí gbogbo ẹnu ọ̀nà wà ní títì, kò gba kọ́bọ̀.

Adájọ́ ní kí bàbá gba mílíọ̀nù 3, kó fọwọ́ sí ìwé. Tó bá kọ̀, kí rẹ́jísírà kóòtù bá a fọwọ́ sí i. Bàbá ti pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Owó ọ̀tọ̀ ni ìyẹn, lọ́ọ́yà sì ti sọ ọ́ fún mi láti ìbẹ̀rẹ̀, ó wà nínú ìwé tó kọ sí mi nígbà tí mo kọ́kọ́ gbà á. Mo ti san ìdajì. Mo ní kó kọ ọ́ mọ́ ìwé tuntun pé òun fúnra rẹ̀ ló máa wá síwájú àwọn adájọ́, kì í ṣe ọmọ iṣẹ́.