Wahl-O-Mat kò ní sọ ẹni tó máa ṣèjọba fún yín, síbẹ̀ ẹ lò ó

Bí ẹ bá ń gbé ní Jámánì, tí ìdìbò ìpínlẹ̀ yín sì ń bọ̀, Wahl-O-Mat ni kí ẹ kọ́kọ́ ṣí lórí fóònù yín, irinṣẹ́ orí íńtánẹ́ẹ̀tì tó ń fi èrò yín wé ti àwọn ẹgbẹ́ òṣèlú. Ọ̀fẹ́ ni. Kò béèrè orúkọ, kò béèrè nọ́ńbà, kò ní kí ẹ forúkọ sílẹ̀ níbì kankan. Bundeszentrale für politische Bildung, iléeṣẹ́ ìjọba tó ń la àwọn ará ìlú lóye lórí ọ̀rọ̀ òṣèlú, ló ti ń gbé e jáde láti ọdún 2002. Ọ̀dọ̀ àwọn ará Netherlands ni wọ́n ti rí irú rẹ̀, wọ́n wá ṣe tiwọn.

Ìdìbò Thüringen ti ọjọ́ 1 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2024 ni èmi lò ó fún. Nọ́ọ̀sì ni mí ní Erfurt. Ìwé ọmọ onílùú ṣẹ̀ṣẹ̀ tẹ̀ mí lọ́wọ́ ni, ìgbà àkọ́kọ́ tí mo máa dìbò sílé aṣòfin ìpínlẹ̀ sì nìyẹn. Níbi iṣẹ́, orúkọ àwọn olóṣèlú ni gbogbo wọn ń dá: Höcke báyìí, Ramelow báyìí, Wagenknecht ló sọ tibí. Ohun tí ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan fẹ́ ṣe sí iléèwé ọmọ mi ni mo ń wá ní tèmi, n ò sì rẹ́ni sọ ọ́ fún mi.

Gbólóhùn 38 ló máa gbé síwájú yín, lọ́kọ̀ọ̀kan. Gbólóhùn kúkúrú ni, kò sí àlàyé rẹpẹtẹ. Ibi mẹ́ta ni ẹ lè tẹ̀ lábẹ́ rẹ̀: ẹ fara mọ́ ọn, ẹ wà láàárín, ẹ ò fara mọ́ ọn. Èyí tí kò bá yé yín, ẹ fò ó. Tí ẹ bá parí, ó máa ní kí ẹ mú àwọn tó jẹ yín lógún jù, èyí tí ẹ bá sì mú á di ìlọ́po méjì nínú ìṣirò. Ọ̀pọ̀ èèyàn ló ń sáré kọjá ibẹ̀ nítorí pé wọ́n ti fẹ́ rí èsì. Ẹ má sáré. Nígbà tí mo mú gbogbo ohun tó jẹ mọ́ iléèwé àti ìtọ́jú aláìsàn, ẹgbẹ́ tó wà lókè àtẹ mi sọ̀ kalẹ̀, òmíràn sì gba ipò rẹ̀.

Ohun tó jẹ́ kí n fọkàn tán an ni pé àwọn ẹgbẹ́ fúnra wọn ló ń dáhùn. Àwọn ọ̀dọ́ àti àwọn onímọ̀ ló jọ ń kọ gbólóhùn náà, wọ́n á fi ránṣẹ́ sí ẹgbẹ́ gbogbo, ẹgbẹ́ á mú ìdáhùn tirẹ̀ wá pẹ̀lú ìdí tó fi dáhùn bẹ́ẹ̀. Ẹ tẹ ìdí yẹn, kí ẹ kà á. Ẹgbẹ́ méjì lè jọ sọ pé àwọn ò fara mọ́ ohun kan, kí ọ̀kan sọ pé owó ò sí, kí èkejì sọ pé ohun náà kò tọ́ rárá. Tẹ́lẹ̀, ẹgbẹ́ mẹ́jọ péré lèèyàn lè fi wéra lẹ́ẹ̀kan náà, àfìgbà tí ẹgbẹ́ kékeré kan, Volt, gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí kóòtù ní Köln ní ọdún 2019. Ní báyìí, gbogbo wọn lẹ lè tò kalẹ̀. Inú mi dùn sí èyí, torí kí ni ẹgbẹ́ kékeré fẹ́ ṣe tójú ò bá rí i?

Àbúrò mi obìnrin tó ń kẹ́kọ̀ọ́ ní Jena ló wá bi mí ní ìbéèrè tó mú kí n jókòó tì í dáadáa. Ó pè mí lálẹ́ ọjọ́ kan, ó ní, “Ẹ̀gbọ́n mi, ẹgbẹ́ tó bá mi mu jù kò lè dá ṣèjọba láéláé. Kí ni kí n wá fi èsì yìí ṣe?”

Òótọ́ ló sọ. Èsì yẹn ń sọ bí ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan ṣe sún mọ́ ẹ tó. Kò sọ ẹgbẹ́ tó lè bá ẹgbẹ́ mìíràn jókòó ṣèjọba. Ìjọba àjọṣe ló sì máa ń jáde nínú irú ìdìbò báyìí. Ní Thüringen, àga 88 ló wà nílé aṣòfin. AfD, ẹgbẹ́ Höcke tó jẹ́ ti apá ọ̀tún pátápátá, mú 32, ìgbà àkọ́kọ́ tí ẹgbẹ́ yẹn máa ṣe ipò kìíní ní ìpínlẹ̀ kankan. CDU mú 23, BSW, ẹgbẹ́ Wagenknecht, mú 15, Die Linke, ẹgbẹ́ Ramelow, mú 12, SPD mú 6. Ẹgbẹ́ Grüne àti FDP ò ní tó ìdá márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún ìbò tó ń gbé ẹgbẹ́ wọlé, wọ́n sì jáde nílé. CDU ti pinnu láti ọdún 2018 pé àwọn ò ní bá AfD ṣe, àwọn ò sì ní bá Die Linke ṣe. Ẹ ro ó wò: CDU, BSW àti SPD pa pọ̀ jẹ́ 44. Ìdajì géérégé. Ó ku ẹyọ kan kí wọ́n tó borí.

Ìgbà yẹn ni mo tún Wahl-O-Mat ṣí, lẹ́yìn tí ìbò ti parí, ó sì wá wúlò fún mi ju ti àkọ́kọ́ lọ. Mo yọ gbogbo ẹgbẹ́ kúrò, mo fi mẹ́ta tó fẹ́ jọ ṣèjọba yìí nìkan sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Mo wá ń kà á láti òkè dé ìsàlẹ̀ pẹ̀lú bírò lọ́wọ́. Níbi tí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti sọ ohun kan náà, mo mọ̀ pé ibẹ̀ ò ní ní wàhálà. Níbi tí ọ̀kan ti dá yàtọ̀, mo fàlà sí i. Nígbà tí wọ́n gbé ìwé àdéhùn wọn síta ní oṣù Kọkànlá, àwọn ibi tí mo fàlà sí ni mo kọ́kọ́ wá. Ẹ wá ọ̀rọ̀ náà prüfen nínú ìwé àdéhùn bẹ́ẹ̀. “A ó yẹ̀ ẹ́ wò” ni wọ́n máa ń kọ sí ibi tẹ́nu wọn ò ti kò.

Ṣùgbọ́n ibì kan wà tí irinṣẹ́ yìí ò lè dé. Gbólóhùn 38 ni, ọgbọọgba sì ni gbogbo wọn lójú rẹ̀ nínú ìdáhùn àwọn ẹgbẹ́. Kò lè sọ èyí tí ẹgbẹ́ kan máa tìtorí rẹ̀ dìde kúrò lórí tábìlì. Ohun tó fẹ́ tú ìjókòó wọn ká ní Thüringen kì í ṣe iléèwé, kì í sì í ṣe ọlọ́pàá. Ọ̀rọ̀ ogun Ukraine ni, àti ti mísáìlì Amẹ́ríkà tí wọ́n fẹ́ kó wá sí Jámánì. Ìpínlẹ̀ ò láṣẹ kankan lórí ọmọ ogun, síbẹ̀ BSW ní dandan ni kó wọ inú ìwé. Katja Wolf, tó ṣáájú wọn níbẹ̀, gbà kí wọ́n kọ ọ́ sínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú, Sahra Wagenknecht láti Berlin ní kò le tó. Ọ̀sẹ̀ ń gorí ọ̀sẹ̀. Mo ń ka ìròyìn láàárín iṣẹ́ òru, àyà mi ń já, torí mo rántí oṣù Kejì ọdún 2020, nígbà tí Kemmerich ti FDP wọlé gẹ́gẹ́ bí olórí ìjọba ìpínlẹ̀ pẹ̀lú ìbò 45 sí 44, tó jẹ́ pé AfD ló gbé e dépò, tí gbogbo orílẹ̀-èdè fi dà rú.

Ní ọjọ́ 12 oṣù Kejìlá ọdún 2024, ìbò 51 ni Mario Voigt ti CDU ní nílé aṣòfin láti di olórí ìjọba ìpínlẹ̀, lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo tí wọ́n dì í. Àga 44 ni ẹgbẹ́ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ní, nítorí náà ìbò ti wá láti ìta. Kò sí bọ́tìnnì tó lè fi ìyẹn hàn yín ṣáájú.

Àléébù méjì péré ni mo tún rí. Ẹgbẹ́ ló ń sọ̀rọ̀ lé lórí, kò sọ nǹkan kan nípa ẹni tó ń dupò ní àdúgbò yín, bẹ́ẹ̀ ìbò méjì lẹ máa dì, ọ̀kan fún èèyàn, ọ̀kan fún ẹgbẹ́. Èkejì, Jámánì yín gbọ́dọ̀ já gaara díẹ̀. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ èdè, kó wá ẹni tó máa jókòó tì í.

Ẹ̀yin tí ẹ wà ní Magdeburg àti Halle, ọjọ́ 6 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2026 ni ìdìbò Sachsen-Anhalt. Bí tiyín bá ti jáde, ẹ ṣe é lẹ́ẹ̀kan fún ara yín, kí ẹ tún un ṣí fún àwọn ẹgbẹ́ tí wọ́n lè jọ ṣèjọba. Ẹ kọ ibi tí wọn ò ti fẹnu kò sínú ìwé kan, ẹ má sì sọ ìwé náà nù títí wọ́n á fi gbé àdéhùn wọn síta.