Mọ́tò Màmá Mirta: fíìmù Jānis Streičs tó yẹ kẹ́ ẹ kọ́kọ́ wò

Ẹni tó bá fẹ́ mọ iṣẹ́ Jānis Streičs, àgbà olùdarí fíìmù àti òṣèré ọmọ Látfíà, "Limuzīns Jāņu nakts krāsā" (ìyẹn, limosíìnì aláwọ̀ alẹ́ ọdún Jāņi) ni kó ti bẹ̀rẹ̀. Ọdún 1981 ló jáde. Māra Svīre ló kọ ìtàn rẹ̀, Raimonds Pauls ló sì ṣe orin rẹ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà ní Látfíà lè wò ó lọ́fẹ̀ẹ́ lórí filmas.lv.

Ìtàn náà ò lọ́jú pọ̀. Mirta, ìyá àgbà kan lábúlé, jẹ mọ́tò Zhiguli nínú lọ́tìrì. Kíá, àwọn ẹbí tí ò rántí ẹ̀ tẹ́lẹ̀ ti ya dé, kálukú ń wá ojúure màmá. Òṣì ní í jẹ́ ta ló mọ̀ ọ́ rí. Owó ní í jẹ́ mo bá ọ tan. Láyé ìjọba Sófíẹ̀tì, kéèyàn lówó lọ́wọ́ nìkan ò tó láti ra mọ́tò: wàá forúkọ sílẹ̀, wàá sì máa retí rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Tíkẹ́ẹ̀tì lọ́tìrì ìjọba sì rèé, kopek 30 (owó wẹ́wẹ́ Sófíẹ̀tì) péré! Ẹni tí ò bá mọ èyí lè rò pé Streičs ń bu iyọ̀ sí ọ̀rọ̀ ojúkòkòrò wọn. Rárá o.

Lilita Bērziņa tó ṣe Mirta ló gba fíìmù náà lọ́wọ́ gbogbo wọn. Ọdún 1903 ni wọ́n bí i, ó ti ń sún mọ́ ọgọ́rin ọdún nígbà yẹn, ọdún méjì lẹ́yìn náà ló sì dágbére fáyé. Ẹ wo ojú rẹ̀ bí wọ́n bá ń pọ́n ọn lé. Á kàn máa wò wọ́n. Ẹ máa mọ̀ pé màmá ti rí inú wọn tipẹ́. Inú tíátà ni Streičs ti kọ́ṣẹ́, òun náà sì máa ń ṣeré, bóyá ìdí nìyẹn tó fi mọ ìgbà tó yẹ kó fi òṣèré sílẹ̀ kó ṣe tirẹ̀.

Ìfẹ́ àwọn ọ̀dọ́ inú fíìmù náà ò dùn mọ́ mi tó bẹ́ẹ̀. Ó fa ọ̀rọ̀ gùn. Àmọ́ ti Jāņi, àjọ̀dún àwọn ọmọ Látfíà, ẹ má fojú fò ó. Alẹ́ June 23 ni wọ́n máa ń ṣe é: wọ́n á dé adé ewé àti òdòdó, wọ́n á jẹ wàràkàṣì, wọ́n á mu bíà, wọ́n á sì dáná títí ilẹ̀ á fi mọ́. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, àwọn aláṣẹ gbógun ti ọdún yìí, torí náà kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré pé fíìmù ń jẹ́ orúkọ rẹ̀. Títí dòní, tí Jāņi bá ti ń sún mọ́lé, wọ́n á tún gbé e sórí tẹlifíṣọ̀n.

Lẹ́yìn èyí, ẹ wo "Teātris" ti 1978, tí Vija Artmane ti ṣe gudugudu méje, kẹ́ ẹ wá bọ́ sórí "Cilvēka bērns" ti 1991. Èdè Latgale, agbègbè tí wọ́n ti bí Streičs lọ́dún 1936, ni wọ́n sọ nínú èyí, òun ni mo sì fẹ́ràn jù nínú gbogbo iṣẹ́ rẹ̀. Ẹ ṣáà rí i pé èdè tẹ́ ẹ gbọ́ wà lábẹ́ àwòrán kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀ ti Mirta, torí ẹnu ni wọ́n fi ń dáṣà níbẹ̀.