Máàpù Áfíríkà tí mo rà ní Dùgbẹ̀: ọdún tuntun lára, ilẹ̀ àtijọ́ nínú

Ẹni tó bá fẹ́ mọ bó ṣe fẹ̀ tó tàbí bí ike ara rẹ̀ ṣe nípọn tó, kó lọ wò ó lára ògiri ṣọ́ọ̀bù wọn, ó wà níbẹ̀ gbalaja. Èmi ò jókòó kọ èyí nítorí ike. Mo ń kọ́ àwọn ọmọ ní lẹ́sìn ìrọ̀lẹ́ ní Mọ́kọ́lá. Mo ní kí ọmọ kan fi ọ̀pá tọ́ka sí Juba, ó sì rí i. Ló bá yíjú sí mi, ó ní, "Àǹtí, ṣé inú Sùdáànì ni Juba wà ni?"

Mo sún mọ́ ògiri. Juba wà níbẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n bí ìlú kékeré lásán, kò ní ìràwọ̀ pupa tí wọ́n fi ń sàmì sí olú-ìlú. Láti ẹnu ààlà Íjíbítì títí wá dé Ùgáńdà, àwọ̀ kan ṣoṣo, orúkọ kan ṣoṣo: SUDAN. Bẹ́ẹ̀ ní igun ìsàlẹ̀, wọ́n tẹ "2024 Edition" sí i gàdàgbà. Ọjọ́ 9 oṣù Keje ọdún 2011 ni Gúúsù Sùdáànì gba òmìnira, Juba sì ni olú-ìlú rẹ̀. Wọn ò tíì bí ọmọ tó mú ọ̀pá dání yẹn nígbà náà.

₦14,000 ni mo san o.

Lálẹ́ ọjọ́ náà mo tan iná, mo yẹ gbogbo rẹ̀ wò bí ẹni ń ṣa òkúta nínú ẹ̀wà. Eritrea wà níbẹ̀, èyí tó kúrò lára Ẹtiópíà ní 1993. Ó dáa. Eswatini náà wà níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ 2018 ni ọba wọn pa orúkọ Swaziland tì. Ṣùgbọ́n Bujumbura ni wọ́n ṣì fi ṣe olú-ìlú Bùrúńdì, tí wọ́n ti gbé lọ sí Gitega. Ó wá yé mi. Máàpù tí wọ́n yà lẹ́yìn 1993 ṣùgbọ́n ṣáájú 2011 ni ẹnì kan gbé, ó yí orúkọ kan tó rí nínú ìròyìn padà, ó tẹ ọdún tuntun sí i, ó kó o lọ sí ọjà. Ẹni tó mọ̀ nípa Eswatini kò lè sọ pé òun ò gbọ́ nípa Juba.

Mi ò ní dárúkọ ṣọ́ọ̀bù náà. Kò jìnnà sí Cocoa House, ìyẹn tó. Mo ká máàpù mi, mo wọ Máíkírà, mo dé ibẹ̀ lọ́sàn-án gangan. Ọmọkùnrin tó wà ní káńtà kí mi dáadáa, "Ẹ káàsán, mà, ẹ kú oòrùn," ó gba máàpù lọ́wọ́ mi kí n tó sọ nǹkan kan. Mánijà ni ìṣòro. Mo ṣí máàpù sílẹ̀ níwájú rẹ̀, mo fi ìka hàn án. Kò tilẹ̀ dìde.

"Àǹtí, nǹkan kékeré lẹ̀ ń wò yìí."

"Odidi orílẹ̀-èdè ni nǹkan kékeré, sà?"

Ó fi àgbọ̀n tọ́ka sí ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ògiri, pé ọjà tí wọ́n bá ti tà, wọn kì í gbà á padà. Mo ní mi ò tiẹ̀ fẹ́ owó, kó fún mi ní èyí tó pé. Ó ní bákan náà ni gbogbo wọn rí. Ó wá tẹ ẹni tó ń bá wọn tẹ̀ ẹ́ ní Ṣómólú láago, ó sì gbé fóònù sókè kí gbogbo wa lè gbọ́. Ohùn kan dáhùn, ẹ̀rọ ń dún gìrìgìrì lẹ́yìn rẹ̀: "Ẹ ní kí màmá fi máákà fà á. Ìlà kan péré ni."

Ọkùnrin kan tó ń dúró de fótókọ́pì bú sẹ́rìn-ín. Ó ní tó bá jẹ́ máákà ni, kí wọ́n bá wa fi fa Bakassi padà sílé. Ni ṣọ́ọ̀bù bá dàrú. Ẹnì kan ní ìjọba ló tà á, ẹlòmíì ní epo ni wọ́n torí ẹ̀ gbà á. Mo dá sí i, ẹ̀yin náà ẹ mọ̀ mí. Mo ní ilé-ẹjọ́ àgbáyé ní Hague ló dájọ́ ní 2002 pé ti Kamẹrúùnù ni, àdéhùn tí Gẹ̀ẹ́sì àti Jámánì bá ara wọn ṣe ní 1913 sì wà lára ohun tí wọ́n gbé ìdájọ́ lé. 2008 ni Nàìjíríà kó kúrò níbẹ̀ tán. Mánijà ní òun ò mọ ìyẹn, òun ń ta ìwé ni.

Ọmọ káńtà ò bá wa jiyàn. Nígbà tí ariwo rọlẹ̀, ó ní, "Mà, ẹ jẹ́ n bá yín ṣe é." Iṣẹ́ wíwọn ilẹ̀ ló ń kọ́ ní Pólì. Ó tẹ́ máàpù náà sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó fi sípíríìtì nu ojú ibẹ̀, ó ṣí fóònù rẹ̀. Máákà tó ṣeé pa rẹ́ ló kọ́kọ́ fi fa ìlà náà, ó dìde, ó wò ó láti òkèèrè, ó pa apá kan rẹ́, ó tún un fà. Mánijà pòṣé. Ó kan ìwọ̀ oòrùn, ó dúró, ó ní, "Mà, Abyei ńkọ́? Àríwá àti gúúsù ṣì ń jà lórí ẹ̀." Mo ní kó fi àmì tótòtó sí i. Mo sọ fún un pé ìlà tó wà láàárín àríwá àti gúúsù ní ọjọ́ 1 oṣù Kìíní 1956, ọjọ́ tí Sùdáànì bọ́ lọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì àti Íjíbítì, ni wọ́n fi ṣe òdiwọ̀n, ó sì mi orí. Ẹ̀yìn ìyẹn ló wá fi máákà tí kì í parẹ́ tẹ̀ ẹ́, tín-ín-rín, ó wọlé dáadáa. Ó fi ìràwọ̀ sí Juba. Ó kọ Gitega láì jẹ́ pé mo rán an létí. Mo fún un ní owó ọtí ẹlẹ́rìndòdò, ó ní rárá, ó gbà á.

Mo tún gbọ́dọ̀ sọ èyí, kí n má bàa ṣèké: àwòrán kékeré tó wà ní igun òsì ìsàlẹ̀ dára ju owó tí mo san lọ. Áfíríkà ní 1914 ni, àwọ̀ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ fún Gẹ̀ẹ́sì, Faransé, Pọ́túgà, Bẹ́ljíọ̀mù, Ítálì, Sípéènì àti Jámánì. Ẹtiópíà àti Làìbéríà nìkan ló funfun. Àwọn ọmọ mi ò mọ̀ pé Jámánì ní ilẹ̀ kankan ní Áfíríkà rí. A lo gbogbo ìrọ̀lẹ́ kan lórí ẹ̀: bí Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé ṣe pín Tógò lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kìíní, tí apá ti Gẹ̀ẹ́sì dìbò ní 1956 láti bá Gold Coast lọ, tó fi di ara Gánà ní 1957. Nígbà tí a dé Kamẹrúùnù, mo ní kí wọ́n fi ìka tọ ààlà Jámánì láti adágún Chad wá sísàlẹ̀. Múbí, tó wà ní Adamawa lónìí, bọ́ sí ọ̀dọ̀ Jámánì. Ọmọ kan wà láàárín wọn, láti Sábó ló ń wá, ará Múbí ni bàbá rẹ̀. Ó ní irọ́ ni. Mo ní ìbò ọjọ́ 11 oṣù Kejì 1961 ló mú wọn wá. Nínú ilẹ̀ Kamẹrúùnù tó wà lọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì, apá àríwá yan Nàìjíríà, apá gúúsù yan Kamẹrúùnù. Nígbà tí a ń ta àsíá òmìnira ní 1960, Múbí ò sí lára wa. Ó lọ bi bàbá rẹ̀, ó padà wá pẹ̀lú orúkọ bàbá bàbá rẹ̀ tó dìbò náà, inú rẹ̀ ń dùn ṣìnkìn.

Àwọn nǹkan yòókù: okùn tí wọ́n fi ń gbé e kọ́ ti já. Tí gílóòbù bá tàn, ojú rẹ̀ ń dán, ẹni tó jókòó lẹ́yìn ò ní rí nǹkan kan. Wọ́n fi Ṣábẹ̀ẹ́ sí inú orílẹ̀-èdè Benin, wọn ò fi Kétu sí i, bẹ́ẹ̀ àyè wà.

Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ má ra máàpù yìí fún kíláàsì. Iṣẹ́ tí máàpù ní kò ju kó sọ ibi tí ilẹ̀ ti parí lọ, èyí ò sì ṣe é.

Ìràwọ̀ mẹ́rin nínú márùn-ún. Mo ti ní kí wọ́n gbé ọ̀kan sílẹ̀ fún àbúrò mi tó ń kọ́ni ní Ògbómọ̀ṣọ́, pẹ̀lú ìlà Sùdáànì lára rẹ̀. Tí ẹ bá fẹ́ lọ, ọjọ́ Sátidé ni kẹ́ ẹ lọ. Ọmọ náà kì í sí ní káńtà láàárín ọ̀sẹ̀ tí Pólì bá ti wọlé, mánijà nìkan lẹ máa bá.